Fáìlì Àjọlò Inú Kọ̀ǹpútà: Ta Ni Alámòójútó Rẹ̀?

  

Ọ̀rọ̀ tí a fẹ́ bá yín sọ kì í ṣe ọ̀rọ̀ wọ́límọ̀, bẹ́ẹ̀ ni kì í ṣe ọ̀rọ̀ owó ilé-ìwé. Ọ̀rọ̀ pìríntà ni. A mọ̀ pé ẹlòmíràn yóò rẹ́rìn-ín, yóò ní kí ni pìríntà ń wá nínú ìwé ìròyìn ilé-kéwú. Ṣùgbọ́n gbogbo yín ni ẹ gbọ́ ohun tí ó ṣẹlẹ̀ nígbà ìdánwò ìparí sáà kejì, tí àwọn ọmọ kíláàsì Idaadi jókòó sínú gbọ̀ngàn láti aago mẹ́jọ títí di aago mọ́kànlá kí ìbéèrè náháwù tó dé ọwọ́ wọn. Nígbà tí ó sì dé, ńṣe ni àwọn lẹ́tà Lárúbáwá inú rẹ̀ tú ká bí ìlẹ̀kẹ̀ tí okùn rẹ̀ já. Àwọn òbí wá bá wa ní ọ́fíìsì lọ́jọ́ náà, inú wọn kò sì dùn. Àwọn kan ti ń sọ ọ́ kiri àdúgbò pé àwọn ààfáà kò mọ kọ̀ǹpútà lò, pé kí wọ́n padà sí wàláà àti tàdáwà. Nítorí náà ó tọ́ kí a sọ bí ó ti rí gan-an, kí a sì sọ ibi tí àwa rò pé ẹ̀bi náà wà.

Pìríntà kan ṣoṣo ni ọ́fíìsì wa ní fún ọdún púpọ̀. Ó ti gbó, ṣùgbọ́n ó ń ṣiṣẹ́. Ọmọ ìjọ wa kan, tí kò fẹ́ kí a dárúkọ òun, fi pìríntà tuntun ta wá lọ́rẹ, kí Ọlọ́hun san án ní ẹ̀san rere. Ilé-iṣẹ́ kan náà ni ó ṣe méjèèjì. Ní ọjọ́ Àlàrùba, nígbà tí ìdánwò ku ọ̀la, ọ̀dọ́mọkùnrin tí ó máa ń bá wa tọ́jú kọ̀ǹpútà wá lẹ́yìn ìrun Alásàárì, ó gbé dráífà pìríntà tuntun náà sórí kọ̀ǹpútà, ó sì ṣiṣẹ́ dáadáa. Dráífà ni ètò tí ó ń túmọ̀ ọ̀rọ̀ kọ̀ǹpútà sí èdè tí pìríntà gbọ́. A tẹ ìbéèrè fíkíhù, a tẹ ti hàdíìsì. Nígbà tí ó kan náháwù, tónà inú rẹ̀ tán, nítorí pé tónà tí ó máa ń bá pìríntà tuntun wá láti ilé-iṣẹ́ kì í sábà kún. A ní kò burú, kí a padà sí pìríntà àtijọ́. Pìríntà àtijọ́ kọ̀. Kọ̀ǹpútà ní òun kò rí ohun tí òun ń wá nínú fáìlì kan tí orúkọ rẹ̀ parí sí DLL.

Ọ̀dọ́mọkùnrin wa kò sùn lóru náà. Ó wọ íntánẹ́ẹ̀tì, ó tẹ orúkọ fáìlì náà, ó rí ibì kan tí wọ́n ti ń fún ènìyàn lọ́fẹ̀ẹ́, ó gbé e wọlé. Ohun tí ó tẹ̀lé e wọlé ni ètò kan tí ó ní òun yóò tún gbogbo DLL ṣe, kí a ṣáà kọ́kọ́ san owó. Láti ìgbà náà ni kọ̀ǹpútà ti ń ṣe bí ẹni tí ibà mú. Ilẹ̀ sì ti mọ́. A fi fláàṣì gbé ìbéèrè náà lọ sí bísínẹ́ẹ̀sì sẹ́ńtà kan ní òpópónà. Windows XP ni kọ̀ǹpútà tiwọn ṣì ń lò, èyí tí Microsoft ti dáwọ́ àtìlẹ́yìn rẹ̀ dúró láti April 2014. Ibẹ̀ ni àwọn lẹ́tà ti tú ká. Ẹni tí ó tẹ̀ ẹ́ kò gbọ́ Lárúbáwá, kò lè mọ̀ pé ó bàjẹ́, ẹni tí a sì rán lọ ń sáré.

Ó dà bí ẹni pé jàǹbá mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni, ṣùgbọ́n orísun kan ni mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ní.

Ẹ jẹ́ kí a fi ohun tí gbogbo ọmọ ilé-kéwú mọ̀ ṣe àpẹẹrẹ. Kámúsù Lárúbáwá ńlá kan ń bẹ lórí tábìlì ní yàrá ìkàwé wa. Kò sí kíláàsì tí kì í lò ó. Àwọn olùkọ́ kì í kọ gbogbo ìtumọ̀ sínú ìwé iṣẹ́ wọn. Wọ́n á kàn kọ pé: lọ sí ojú ewé báyìí, ìlà báyìí. Bí ẹnì kan bá wá fi tinútinú mú kámúsù mìíràn wá, tí ó gbé e sípò èyí tí a ní, tí ojú ewé rẹ̀ kò bá ti àkọ́kọ́ mu, kí ni yóò ṣẹlẹ̀? Kámúsù tuntun náà lè dára ju ti àkọ́kọ́ lọ. Ẹni tí ó mú un wá yóò rí ohun tí òun ń wá nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n kíláàsì mẹ́fà ni yóò ṣí ojú ewé tí olùkọ́ wí, tí wọn yóò bá ọ̀rọ̀ mìíràn níbẹ̀. Kò sí ẹni tí yóò mọ ohun tí ó fà á, nítorí pé kámúsù ṣì wà lórí tábìlì, orúkọ rẹ̀ ṣì wà lára rẹ̀.

Bí DLL ti rí nìyẹn. Fáìlì kan ni, tí wọ́n kó àwọn iṣẹ́ kan jọ sínú rẹ̀, tí ètò púpọ̀ sì jọ ń lò. Ètò tí ó bá fẹ́ iṣẹ́ kan yóò pe orúkọ iṣẹ́ náà, tàbí nọ́ńbà rẹ̀, nínú DLL, gẹ́gẹ́ bí olùkọ́ ti ń pe ojú ewé. Kì í ṣe Windows nìkan ni ó ní irú rẹ̀. Ti Linux máa ń parí sí .so, ti kọ̀ǹpútà Apple sì máa ń parí sí .dylib.

Àìní ni ó mú wọn ṣe é, kì í ṣe àṣejù. Nígbà tí Windows àkọ́kọ́ jáde ní November 1985, ìrántí tí ètò lè lò nínú àwọn kọ̀ǹpútà ìgbà náà kò ju kílóbáìtì 640 lọ. Àwòrán kan ṣoṣo tí ẹ fi fóònù yà níbi ìkómọjáde lónìí sábà máa ń ju ìyẹn lọ. Bí ètò kọ̀ọ̀kan bá ní kí òun gbé gbogbo ohun tí òun nílò dání, kò ní sí àyè fún ètò méjì. Wọ́n wá fi ohun tí gbogbo ètò nílò sójú kan. Nígbà tí Windows 3.1 dé ní 1992, fáìlì kan tí à ń pè ní COMMDLG.DLL wà nínú rẹ̀. Òun ni ó ń ṣí fèrèsé tí ó ń béèrè pé pìríntà wo ni ẹ fẹ́ lò, ẹ̀dà mélòó ni ẹ fẹ́. Ètò tí ẹ fi ń kọ lẹ́tà àti èyí tí ẹ fi ń ṣírò owó lè ti ọwọ́ ilé-iṣẹ́ ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ wá, fèrèsé kan náà ni wọ́n ń ṣí. Lọ́nà kan náà, UNIDRV.DLL ni ọ̀pọ̀ dráífà pìríntà ìgbà náà gbára lé. Ilé-iṣẹ́ pìríntà yóò kàn kọ ohun tí ó yàtọ̀ nínú tiwọn, wọn á fi ìyókù sílẹ̀ fún fáìlì àjọlò.

Lójú tiwa, ohun rere ni. Àwa Mùsùlùmí ni ó yẹ kí ó tètè yé, nítorí pé a mọ wákáfù. Ẹnì kan gbẹ́ kànga, gbogbo àdúgbò ń mu ún. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá mọ wákáfù mọ̀ pé ó ní alámòójútó, tí à ń pè ní nazir. Nínú kọ̀ǹpútà ìgbà náà, kò sí nazir kankan. Ètò èyíkéyìí tí a bá gbé wọlé lè sọ DLL tirẹ̀ sínú àpò fáìlì àjọlò, kí ó bo èyí tí ó bá níbẹ̀ mọ́lẹ̀. Àwọn ètò tí a kọ dáadáa máa ń wo èyí tí ó tuntun kí wọ́n tó ṣe bẹ́ẹ̀. Àwọn mìíràn kì í wò. Ẹ gbé ètò eré orí kọ̀ǹpútà wọlé lónìí, ètò ìṣirò yín yóò dákẹ́ lọ́la. Àwọn oníṣẹ́ kọ̀ǹpútà fún ìyọnu yìí ní orúkọ tí ó fi í wé ọ̀run àpáàdì. Àwa kò ní bá wọn pè é bẹ́ẹ̀, nítorí pé iná Jàhánáámà kì í ṣe ọ̀rọ̀ àwàdà, ṣùgbọ́n ẹ ti rí bí ó ti dùn wọ́n tó.

Yíyọ ètò kúrò tún ní ìṣòro tirẹ̀. Láti ayé Windows 95 ni kọ̀ǹpútà ti ní ibi tí ó ń ka iye ètò tí ó ń lo DLL kọ̀ọ̀kan. Bí ètò kan bá wọlé, a fi ọ̀kan kún un. Bí ó bá jáde, a yọ ọ̀kan. Bí ó bá di òdo, a jẹ́ pé kò sí ẹni tí ó ń lò ó mọ́. Ó dára lórí ìwé. Ṣùgbọ́n àwọn ètò kan wà tí kì í forúkọ sílẹ̀ nígbà tí wọ́n bá wọlé, nítorí náà òdo kì í ṣe òdo tòótọ́. Ìdí nìyí tí ẹ fi máa ń rí ìbéèrè nígbà tí ẹ bá ń yọ àwọn ètò àtijọ́ kúrò, pé ó dà bí ẹni pé kò sí ẹni tí ó ń lo fáìlì àjọlò báyìí mọ́, ṣé kí a pa á rẹ́? Ẹ̀yin ọmọ wa, bí kò bá dá yín lójú, ẹ dáhùn pé rárá. Fáìlì tí kò níṣẹ́ kàn gba àyè díẹ̀ ni. Èyí tí ó níṣẹ́, tí ẹ wá pa rẹ́, yóò dá ọjọ́ ẹlòmíràn rú.

A kò ní sọ pé àwọn tí ó ṣe Windows káwọ́ gbera. Láti Windows 2000 ni kọ̀ǹpútà ti ń ṣọ́ àwọn fáìlì tirẹ̀ gan-an. Bí ètò kan bá bo ọ̀kan mọ́lẹ̀, yóò dá ojúlówó padà. Nígbà tí Windows XP dé ní 2001, ó ti lè tọ́jú oríṣi méjì DLL kan náà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, kí ètò kọ̀ọ̀kan máa mú èyí tí ó bá a mu. Ọ̀pọ̀ wàhálà àtijọ́ ti lọ.

Ṣùgbọ́n pìríntà ni ibi tí tiwọn kò tíì tán. Àwọn dráífà tí ó wọ́pọ̀ jù, èyí tí wọ́n ń pè ní oríṣi kẹta, inú àpò fáìlì kan ṣoṣo ni gbogbo wọn ń gbé. Nínú Windows tí ó jẹ́ bíìtì 64, orúkọ àpò náà ni 3, ó wà nínú x64, nínú drivers, nínú spool. Bí pìríntà méjì bá ti ọ̀dọ̀ ilé-iṣẹ́ kan náà wá, ó ṣeé ṣe kí fáìlì wọn jẹ́ orúkọ kan náà. Èyí tí ó tuntun yóò bo èyí tí ó ti pẹ́ mọ́lẹ̀. Bí àwọn tí ó kọ tuntun kò bá rántí pìríntà àtijọ́, ó parí fún un. Windows 8, ní 2012, mú oríṣi kẹrin wá, tí dráífà kọ̀ọ̀kan ń dá gbé nínú ilé tirẹ̀, ṣùgbọ́n oríṣi kẹta ṣì pọ̀ káàkiri. Ohun tí ó ṣe wá ní ìrọ̀lẹ́ Àlàrùba nìyẹn. Pìríntà àtijọ́ kò bàjẹ́. Kámúsù rẹ̀ ni a pààrọ̀.

Ẹ wá gbọ́ ti ẹlẹ́ẹ̀kejì, ìyẹn fáìlì tí a gbà ní ibi tí a kò mọ̀. Èyí ni ó bà wá lẹ́rù jù. DLL kì í ṣe àwòrán, kì í ṣe ìwé kíkà, iṣẹ́ ni. Ohunkóhun tí ẹni tí ó kọ ọ́ bá fi sínú rẹ̀ ni kọ̀ǹpútà yóò ṣe. Ní oṣù June àti July 2021, gbogbo ayé rí bí èyí ti lè burú tó. Àlébù kan wà nínú apá Windows tí ó ń to iṣẹ́ sílẹ̀ fún pìríntà, wọ́n sọ ọ́ ní PrintNightmare. Ẹni tí kò ní àṣẹ púpọ̀ lórí kọ̀ǹpútà lè díbọ́n pé dráífà pìríntà ni òun ń gbé wọlé, kí ó sì ti DLL tirẹ̀ wọlé, DLL náà yóò sì máa ṣiṣẹ́ pẹ̀lú àṣẹ tí ó ga jù nínú ẹ̀rọ. Microsoft kò lè dúró de ọjọ́ àtúnṣe oṣooṣù wọn. Ní July 6, 2021 ni wọ́n sáré gbé àtúnṣe jáde. Ní August ọdún náà ni wọ́n wá sọ ọ́ di òfin pé ẹni tí ó bá ní àṣẹ alákòóso nìkan ni ó lè gbé dráífà pìríntà wọlé, àfi bí onílé bá dìídì yí i padà. Bí ilẹ̀kùn tí a ń gba dráífà kọjá bá léwu tó báyìí, kí ni a ti ń fi ọwọ́ ara wa ṣí i fún àlejò tí a kò mọ orúkọ rẹ̀?

Bí kọ̀ǹpútà bá ní òun kò rí DLL kan, kì í ṣe fáìlì náà ni kí ẹ máa wá kiri. Ẹ béèrè pé ètò wo ni ó ni ín, kí ẹ sì tún ètò náà gbé wọlé láti ọ̀dọ̀ ẹni tí ó ṣe é. Èyí tí ọ̀pọ̀ ń bá pàdé, VCRUNTIME140.dll, inú àkójọ Visual C++ tí Microsoft ń fúnni lọ́fẹ̀ẹ́ ni ó wà. Àti pé bí ẹ tilẹ̀ rí ojúlówó, ibi tí ó yẹ kí ó wà lè rú yín lójú. Nínú Windows bíìtì 64, àpò tí ń jẹ́ System32 ni ti bíìtì 64, àpò tí ó ní 64 nínú orúkọ rẹ̀, SysWOW64, ni ti bíìtì 32. Ẹni tí ó fún wọn lórúkọ ni kí ẹ bi.

Ó wá ku lẹ́tà Lárúbáwá. Ẹ̀yin ọmọ wa mọ̀ pé lẹ́tà bíi ‘ayn máa ń yí padà bí ó bá wà níbẹ̀rẹ̀, láàárín, tàbí níparí, tàbí bí ó bá dá dúró. Kọ̀ǹpútà kò bí ìmọ̀ yìí mọ́ ara rẹ̀. Fáìlì àjọlò kan ni ó mọ̀ ọ́n. Ní Windows, USP10.DLL ni ó ṣe iṣẹ́ yìí fún ọ̀pọ̀ ọdún, láti ìgbà Windows 2000. Nínú Windows XP tí ó jẹ́ ti Gẹ̀ẹ́sì, ẹ óò ní láti lọ fi àmì sí àpótí kékeré kan kí àwọn fáìlì èdè tí à ń kọ láti ọ̀tún sí òsì tó wọlé, yóò sì máa béèrè CD tí wọ́n fi gbé Windows wọlé. Ta ni ó ní CD yẹn lọ́wọ́? Bí a kò bá ṣe é, lẹ́tà kọ̀ọ̀kan yóò dá dúró, wọn á sì tò láti òsì. Ohun tí àwọn ọmọ Idaadi rí nìyẹn.

Kí ẹnikẹ́ni má sì rò pé ti Lárúbáwá nìkan ni. Èdè Yorùbá tí a fi kọ ìwé yìí wà nínú ọ̀rọ̀ náà. Kò sí nọ́ńbà kan ṣoṣo fún ẹ́ nínú Unicode. Ẹ ni a kọ́kọ́ ń kọ, kí a tó gbé àmì ohùn lé e. Fáìlì àjọlò ni ó ń mú àmì náà jókòó sórí rẹ̀. Bí kò bá sí, àmì á ṣubú sẹ́gbẹ̀ẹ́ bí fìlà tí atẹ́gùn fẹ́. Nínú LibreOffice, HarfBuzz ni ó ń ṣe iṣẹ́ yìí, láti 2017 ni ó sì ti ń ṣe é lórí gbogbo oríṣi kọ̀ǹpútà tí LibreOffice ń ṣiṣẹ́ lé. Ọ̀fẹ́ ni, orúkọ rẹ̀ sì ti èdè Páṣíà wá. Fáìlì kan náà ni ó ń so ‘ayn pọ̀ fún àwọn ará Káírò, tí ó ń gbé àmì lé ẹ fún wa.

Ta ni ó wá jẹ̀bi? Bàbá wa kan nínú ìgbìmọ̀ sọ pé kí a lé ọ̀dọ́mọkùnrin náà. Bàbá mìíràn, tí ó fi ọwọ́ ara rẹ̀ kọ ìbéèrè ìdánwò sórí sítẹ́ńsìlì fún ọdún gbọọrọ, sọ pé ọwọ́ òun kò kọ ìbéèrè tí ó tú ká rí. Òótọ́ ni. A bọ̀wọ̀ fún ọwọ́ náà, a sì fẹ́ kí àwọn ọmọ wa kọ́ irú ìkọ̀wé bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ọwọ́ kan ṣoṣo ni, ojú bàbá kò sì rí bí ti àtijọ́ mọ́.

Ní ti ọ̀dọ́mọkùnrin yẹn, a kò fara mọ́ ọn. A kì í san owó fún un. Láàárín iṣẹ́ tirẹ̀ ni a ti ń pè é, a ó ní, “Bọ̀dá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ ya ọ̀dọ̀ wa.” Àwa ni a fún un ní ọ̀rọ̀ ìwọlé alákòóso tí gbogbo olùkọ́ jọ ń lò. Àwa ni kò ní ìwé tí a kọ ohun tí ó wà lórí kọ̀ǹpútà sí. Àwa ni a sún títẹ ìbéèrè di alẹ́ ọjọ́ tí ìdánwò ku ọ̀la. Ẹ̀rọ amómì mọ́sáláṣí ní ẹni tí kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ wà lọ́wọ́ rẹ̀. Búútà tí a fi ń ṣe àlùwàlá pàápàá ní ẹni tí ń kà á. Kọ̀ǹpútà tí ìdánwò gbogbo ọmọ wà nínú rẹ̀ kò ní ẹnì kankan. Ìgbìmọ̀ ni ó jẹ̀bi, àwa náà sì wà nínú rẹ̀.

Lẹ́yìn ìdánwò, ọ̀dọ́mọkùnrin kan náà ni ó tún un ṣe. Ó kọ́kọ́ nu kọ̀ǹpútà náà mọ́, ó sì tún Windows gbé sórí rẹ̀. Ó wá rí dráífà kan ṣoṣo láti ọ̀dọ̀ ilé-iṣẹ́ náà fúnra rẹ̀, tí wọ́n ṣe fún oríṣi pìríntà méjèèjì, ó gbé e wọlé. Àwọn méjèèjì ń ṣiṣẹ́ báyìí. Ó kọ́ wa pé bí a bá kàn pa àwòrán pìríntà rẹ́, dráífà rẹ̀ ṣì wà nínú ẹ̀rọ. Ibi tí a ti ń yọ òun náà yàtọ̀. Ó sì fi ohun kan hàn wá tí ì bá gbà wá lọ́jọ́ náà: kí a kọ́kọ́ sọ ìbéèrè di PDF tí fọ́ńtì wà nínú rẹ̀. Àwọn lẹ́tà yóò ti so pọ̀ kí ó tó kúrò lọ́wọ́ wa; kọ̀ǹpútà ibikíbi tí a bá gbé e lọ yóò kàn yà á bí ó ti rí ni, yálà ó gbọ́ Lárúbáwá tàbí kò gbọ́.

Láti ìgbà náà, àwọn olùkọ́ ń lo ọ̀rọ̀ ìwọlé tí kò lè gbé ètò wọlé. Ìwé pélébé kan wà nínú dúrọ́ọ̀ ọ́fíìsì, a ń kọ ohun tí ó bá wọlé sínú rẹ̀, ọjọ́ tí ó wọlé, àti ibi tí a ti gbà á. Ohun tí ó kù ni ẹni tí yóò máa tọ́jú rẹ̀. A ti dábàá fún ìgbìmọ̀ pé kí a fi ọ̀dọ́mọkùnrin yìí ṣe alámòójútó, kí a máa fún un ní owó oṣù, bí ó ti wù kí ó kéré, kí ó sì máa kọ́ ọmọ méjì láti kíláàsì òkè ní iṣẹ́ náà. Àwọn kan ní owó kò sí. Bẹ́ẹ̀ ni a rí owó ra ọ̀dà tí a fi kun ògiri iwájú. Ìpàdé tí ó ń bọ̀ ni wọn yóò ti jíròrò rẹ̀, lẹ́yìn ìrun Jímọ́ọ̀ àkọ́kọ́ nínú sáà tuntun; òbí tí ó bá fẹ́ sọ tirẹ̀ lè wá, ilẹ̀kùn kò ní tì.